Orúkọ Tí Mo Pè Sínú Kànga

Títí di òní, bí mo bá dúró sí ẹnu ihò kankan, ì báà jẹ́ ihò tí wọ́n gbẹ́ fún òpó iná lásán, nǹkan kan máa ń gbéra láti àyà mi wá sí ọ̀fun mi. Kì í ṣe ẹ̀rù, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹ̀rù wà nínú rẹ̀. Orúkọ ni. Orúkọ ọkùnrin kan ni, ó sì ń ṣe mí bíi pé mo gbọ́dọ̀ pè é kí ara mi tó balẹ̀. Mo ti gbìyànjú láti ṣàlàyé èyí fún àwọn ọ̀rẹ́ mi ní yunifásítì, àwọn tí a jọ kẹ́kọ̀ọ́ nípa ilẹ̀ àti òkúta, wọ́n sì rò pé mò ń ṣeré. Mi ò ṣeré. Mo mọ̀ pé mo máa ń ro nǹkan kọjá bó ṣe yẹ, ìyá mi náà mọ̀ bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ti èyí ní ibi tó ti ṣẹ̀ wá. Ọdún kan ni, ọdún tí a gbẹ́ kànga sí àgbàlá wa, tí ilẹ̀ sì fi ohun tó gbé pamọ́ sínú hàn wá.

Àgbàlá wa wà ní ìpẹ̀kun ìlú Òde-Ayé, níbi tí ilé ti ń tán tí oko ọ̀pẹ ti ń bẹ̀rẹ̀. Bí ilẹ̀ bá ti ń mọ́, ohun àkọ́kọ́ tí mo máa ń gbọ́ ni ọ̀bẹ Ìyé lára pùpùrù. Ìyé ni ìyá bàbá mi. Bí gbogbo ilé ṣe ń pè é nìyẹn, tọmọdé tàgbà. Pùpùrù ni iṣẹ́ ilé wa, òun náà sì ni oúnjẹ wa: a ó rẹ ẹ̀gẹ́ sínú omi títí yóò fi rọ̀, a ó fún omi rẹ̀ dànù, a ó mọ ọ́n róbótó bí orí ọmọ ọwọ́, a ó sì tò ó sókè iná kí èéfín yan án. Ara rẹ̀ á dúdú. Bí a bá fẹ́ jẹ ẹ́, a ó fi ọ̀bẹ ha dúdú náà kúrò, kírà, kírà, kírà, funfun á sì yọ lábẹ́ rẹ̀. Ìró ọ̀bẹ yẹn ló máa ń jí mi. Lẹ́yìn rẹ̀ ni ìró garawa, èyí tó jẹ́ ti èmi àti ìyá mi, nítorí kò sí pùpùrù láìsí omi, kò sì sí omi nílé. Odò wà lẹ́yìn oko ọ̀pẹ, ní ìsàlẹ̀ gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ kan tó máa ń yọ̀ bí ilá. Ìyé ti ń sọ̀kalẹ̀ gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ yẹn láti ìgbà tó ti di ìyàwó ilé, kò sì gbà kí ẹnikẹ́ni sọ fún òun pé ó tó gẹ́ẹ́.

Ní ọ̀gbẹlẹ̀ ọdún náà, ó ṣubú níbẹ̀ pẹ̀lú garawa lórí. Orúnkún rẹ̀ wú débi pé kò lè ká a. Ọjọ́ mẹ́rin ló fi jókòó sórí àpótí ní ilé ìdáná, tó ń dárí gbogbo wa láti orí ìjókòó. Ní ọjọ́ karùn-ún, bàbá mi bá a níbi tó ti ń wé òṣùká.

"Ìyé, ibo lẹ̀ ń lọ?"

"Ibi tí omi wà."

"Ẹsẹ̀ yẹn ńkọ́?"

"Ṣé ẹsẹ̀ ni mo fi ń ru omi ni? Orí ni mo fi ń rù ú. Orí ò dùn mí."

Bàbá mi kò rẹ́rìn-ín. Ó gba garawa lọ́wọ́ rẹ̀, ó gbé e kọ́ igi, ó sì sọ pé a ó gbẹ́ kànga kí òjò tó dé. Mo rántí bí inú mi ṣe dùn, mo sì rántí pé ojú tì mí díẹ̀ fún ìdùnnú náà, torí mo mọ̀ pé apá kan rẹ̀ jẹ́ nítorí èmi tí n kò ní ru omi mọ́, kì í ṣe nítorí orúnkún Ìyé nìkan. Ṣùgbọ́n gbogbo wa mọ ohun tó wà níwájú. Bí omi kò bá wá bá Ìyé nílé, Ìyé yóò padà lọ bá omi, gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ yẹn yóò sì gbà á lọ́wọ́ wa lọ́jọ́ kan.

Ìlú Àjàgbà ni agbẹ́kànga tí bàbá mi pè ti wá. Ọkùnrin kúkúrú ni, èjìká rẹ̀ fẹ̀ bí ilẹ̀kùn, ó sì máa ń rẹ́rìn-ín kó tó sọ ohun tó fẹ́ rẹ́rìn-ín sí. Ó gbé ṣọ́bìrì tí wọ́n gé ọrùn rẹ̀ kúrú wá, pẹ̀lú díígà kan àti okùn méjì. Okùn kan jẹ́ ti garawa, èkejì jẹ́ ti òun fúnra rẹ̀, tó máa ń so mọ́ abẹ́ apá méjèèjì. Ó bọ́ bàtà, ó rìn yí àgbàlá ká, ó ń fi àtẹ́lẹsẹ̀ tẹ ilẹ̀ bí ẹni ń wá ibi tó rọ̀ lórí ibùsùn. Apá òkè, lẹ́gbẹ̀ẹ́ igi mángòrò, ló wù ú. Ìyé ní rárá, ẹ̀gbẹ́ ilé ìdáná lòun fẹ́. Ó wo orúnkún Ìyé, kò sì jiyàn.

"Ta ni yóò máa pè mí?" ó bi bàbá mi.

Bàbá mi ní òun yóò máa pè é.

"Ìwọ àti àbúrò rẹ lẹ máa fa okùn. Ẹni tó ń fa okùn ń mí hẹlẹhẹlẹ, kò lè pe ènìyàn. Ohùn tínrín ni mo fẹ́. Ohùn tínrín máa ń wọlẹ̀ bí abẹ́rẹ́."

Ìyé nawọ́ sí mi. "Ọmọ́wùmí rèé. Bó bá ń kọrin ní ṣọ́ọ̀ṣì, adìyẹ wa níhìn-ín máa ń dáhùn."

Ọkùnrin náà pè mí, ó lóṣòó kí ojú rẹ̀ lè ṣe déédéé tèmi. Mo fẹ́ kọ ohun tó sọ sílẹ̀ bí mo ṣe rántí rẹ̀, torí gbogbo ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn náà dúró lé e. Ó ní bí garawa kọ̀ọ̀kan bá ti gòkè, kí wọ́n tó dà á nù, kí n pe òun. Ó bi mí ohun tí n ó máa pè é. Mo ní Bọ̀dá. Ó ní rárá. Mo ní Bàbá. Ó ní, "Bàbá ta ni? Ikúmápàyí ni orúkọ mi. Ìyá mi ló sọ mí bẹ́ẹ̀, torí àwọn tó bí ṣáájú mi kò dúró. Òun ni kí o pè."

Mo wo ojú ìyá mi. Nílé wa, bí ọmọ aládùúgbò bá fi ọdún méjì péré jù mí lọ, mi ò gbọdọ̀ pè é lórúkọ láìfi nǹkan ṣíwájú rẹ̀. Mo ní, "Mi ò lè pè yín lórúkọ, sà."

"Lórí ilẹ̀, o ò gbọdọ̀. Bí o bá dán an wò lókè yìí, màá fà ọ́ létí. Àmọ́ kò sí àgbà nínú kànga. Afẹ́fẹ́ burúkú kan máa ń wà nísàlẹ̀, kì í pariwo, ó máa ń rọra gba orí ènìyàn bí oorun ọ̀sán. Ẹni tí oorun bá ń gbé lọ lè dáhùn sí Bọ̀dá, ó lè dáhùn sí Bàbá, ó lè ní hùn. Ìyẹn ò sọ nǹkan kan fún yín. Ṣùgbọ́n bí o bá pe orúkọ mi, èmi náà gbọ́dọ̀ pe tìẹ padà: Ọmọ́wùmí, mo gbọ́. Ẹni tó bá ṣì lè pe orúkọ ẹlòmíràn, orí rẹ̀ pé. Bí mo bá dáhùn ohunkóhun tó yàtọ̀ sí ìyẹn, kí wọ́n fà mí jáde, bí mo tilẹ̀ ń bú wọn. Ṣé o gbọ́?"

Mo ní mo gbọ́. Ó ní kí n dán an wò. Mo pè é.

"Ta lo fẹ́ kó gbọ́ ìyẹn, èèrà?" ó wí, gbogbo ilé sì bú sẹ́rìn-ín. Mo tún un pè. Ní ẹ̀ẹ̀kẹta, adìyẹ kan fò kúrò lórí ògiri, Ìyé sì ní, "Mo wí fún yín."

Ọjọ́ àkọ́kọ́ àti èkejì lọ bẹ́ẹ̀. Garawa á gòkè, bàbá mi àti Bọ̀dá Ṣínà, àbúrò rẹ̀, á máa mí hẹlẹ, n ó tẹ̀ síwájú, n ó dọ̀bálẹ̀ lórí pákó tí wọ́n tẹ́ sí ẹnu ihò, n ó sì pe àgbàlagbà lórúkọ. Ohùn rẹ̀ á gòkè wá, á nípọn ju ti òkè lọ, bíi pé ìkòkò ló ń sọ̀rọ̀: "Ọmọ́wùmí, mo gbọ́." N kò tíì ní ohun tó tóbi báyẹn lọ́wọ́ ara mi rí. Mo jẹ́ ọmọ tó máa ń bẹ̀rù pé òun á gbàgbé nǹkan, mo sì máa ń padà wò bóyá mo ti ilẹ̀kùn. Nísinsìnyí wọ́n fi ẹ̀mí ènìyàn sí ẹnu mi. Ẹ̀rù bà mí, mo sì yan bí olorì, méjèèjì lẹ́ẹ̀kan náà, n kò sì mọ bí mo ṣe lè ya ọ̀kan kúrò lára èkejì.

Ohun tó ń jáde wá kò jẹ́ kí n fẹ́ kúrò níbẹ̀. Ilẹ̀ pupa ló kọ́kọ́ wá, pupa bí ìsàlẹ̀ agbada epo. Lẹ́yìn náà ni amọ̀ tó ní àmì pupa àti àmì funfun, bí ẹran tó ní ọ̀rá nínú. Lẹ́yìn rẹ̀ ni iyanrìn, funfun, ó mọ́, ó ń dán, bíi pé ẹnì kan ti fọ̀ ọ́ kó tó gbé e pamọ́. Mo bu díẹ̀ sọ́wọ́. Mo bi Ìyé pé ta ló kó iyanrìn odò sí abẹ́ ilé ìdáná wa. Ó ní, "Odò ni. Ṣé o rò pé odò kì í ṣí nílé?" N kò gbàgbọ́. Ọdún méje lẹ́yìn náà, olùkọ́ kan dúró níwájú wa ní yunifásítì, ó sì sọ ohun kan náà pẹ̀lú ọ̀rọ̀ tó gùn jù bẹ́ẹ̀ lọ, omi sì bọ́ lójú mi nínú kíláàsì. Ẹni tó jókòó tì mí rò pé orí ló ń fọ́ mi.

Ní ọjọ́ kẹta, òórùn kan gòkè kí garawa tó gòkè. Ó dà bí òórùn ọ̀nà Okitipupa nígbà tí wọ́n ń da ọ̀dà sí i. Ikúmápàyí kígbe láti ìsàlẹ̀ pé ilẹ̀ ti dúdú, pé kí a jẹ́ kí òun kó garawa díẹ̀ sí i ká lè mọ̀ bóyá ó jìn. Garawa dé òkè, bàbá mi sì gbé e kalẹ̀ bí ẹni gbé ọmọ tuntun kalẹ̀. Iyanrìn ni, ṣùgbọ́n iyanrìn dúdú, dúdú ju ìdí ìkòkò lọ, ó lẹ̀ mọ́ ara rẹ̀. Ọ̀sán gangan ni. Bí oòrùn ti bà á, ó bẹ̀rẹ̀ sí í làágùn. Mo rí i pẹ̀lú ojú mi: láàárín ìṣẹ́jú díẹ̀, nǹkan dídán kan ti ń sun jáde lára rẹ̀, ó ń rọra ṣàn lórí ilẹ̀ bí ohun tó jí lójú oorun tí kò tíì mọ ibi tó wà. Mo ronú nípa pùpùrù. Gbogbo ọjọ́ ayé mi ni mo ti ń rí i pé a ń ha dúdú kúrò kí funfun lè yọ. Ilẹ̀ ṣe tirẹ̀ lódìkejì: ó fi funfun bo dúdú, ó sì dákẹ́ sórí rẹ̀.

Bàbá mi fọwọ́ kàn án. "Ọ̀dà rèé," ó wí. Ohùn rẹ̀ kéré. "Abẹ́ ilé ìdáná Ìyé ni ọ̀dà wà."

Ìròyìn kì í wọ bàtà kó tó jáde. Kí garawa kejì tó dé, àwọn aládùúgbò ti wọlé. Ẹnì kan ní ìjọba á dé. Ẹnì kan ní bí ìjọba bá dé, kí Ìyé má gbàgbé òun o. Bọ̀dá Ṣínà ń fi igi kékeré fa ọ̀dà náà, ó ń gùn bí okùn, gbogbo wọn sì ń sọ pé háà. Nínú wọn ni Ìyá Ìjọ ti ṣọ́ọ̀ṣì wa wà, obìnrin gíga tó kọ́ mi ní ẹsẹ Bíbélì àkọ́kọ́ tí mo mọ̀, ẹni tí mo bẹ̀rù ju pásítọ̀ lọ. Mo dọ̀bálẹ̀ lórí pákó, mo sì pe orúkọ náà.

"Ọmọ́wùmí." Ohùn Ìyá Ìjọ wá láti ẹ̀yìn mi. "Ta lò ń pè bẹ́ẹ̀ yẹn? Ṣé ẹgbẹ́ rẹ ni?"

Mo fẹ́ ṣàlàyé. Àlàyé wà lẹ́nu mi, gbogbo ọ̀rọ̀ Ikúmápàyí, afẹ́fẹ́ àti oorun àti kò-sí-àgbà-nínú-kànga. Ṣùgbọ́n àwọn ènìyàn ti yíjú sí mi, wọ́n sì kọ́ mi pé ọmọ kì í dá àgbà lóhùn. Ìtìjú mú mi láti ọrùn dé etí. Mo ní, "Ẹ má bínú, mà." Nígbà tí garawa tó tẹ̀ lé e gòkè, mo tẹ orí sínú ihò, mo sì rọra ní, "Bọ̀dá o."

"Hùn," ó dáhùn.

Mo gbà á. Mo mọ̀ pé kò pé, mo sì gbà á. Mo ti rò ó títí, ní ọ̀pọ̀lọpọ̀ ọdún, ìdí tí mo fi gbà á, n kò sì rí ìdí mìíràn ju pé Ìyá Ìjọ ń wò mí, ó sì mi orí sí mi pé mo ṣe dáadáa. Garawa mìíràn gòkè, kò kún dé ìdajì. Kò sẹ́ni tó kíyè sí i, ọ̀dà ni gbogbo wọn ń wò. "Bọ̀dá o." Ó pẹ́ díẹ̀. "Hùn."

Ilé ìdáná ni Ìyé wà, ó ń ro ọbẹ̀ márúgbó lórí iná. Ó yọ orí síta. "Ọmọ́wùmí, n kò gbọ́ orúkọ mọ́. Kí ló fi dá ọ lóhùn?"

"Ó ní hùn, Ìyé."

Mi ò mọ bí obìnrin tí kò lè ká orúnkún ṣe dé ibẹ̀. Ohun tí mo rí ni pé igi ìrobẹ̀ wà nílẹ̀, Ìyé sì wà lórí ìkúnlẹ̀ lẹ́nu kànga, lórí orúnkún yẹn gan-an. Ó pè é, "Ikúmápàyí!" pẹ̀lú ohùn kan tí n kò mọ̀ pé ó ní. Láti ìsàlẹ̀, ohùn kan gòkè wá, ó dẹ̀, ó dùn, bí ohùn ọmọ tí wọ́n ń jí fún ilé ìwé: "Ẹ jẹ́ kí n sùn díẹ̀."

"Ẹ fà á," Ìyé wí. Kò pariwo.

Wọ́n fà á. Bàbá mi, Bọ̀dá Ṣínà, ẹni tó ní ìjọba á dé, ẹni tó ní kí Ìyé má gbàgbé òun, àti Ìyá Ìjọ pẹ̀lú, tó ti ká aṣọ rẹ̀ sókè dé orúnkún. Okùn ń ha etí pákó. Ikúmápàyí jáde bí ẹrù, orí rẹ̀ tẹ̀ sí àyà, ọ̀dà dé orúnkún rẹ̀ méjèèjì bí ìbọ̀sẹ̀. Ojú rẹ̀ ṣí sílẹ̀, kò sì wo ẹnikẹ́ni. Wọ́n tẹ́ ẹ sábẹ́ igi mángòrò, wọ́n ń fi abẹ̀bẹ̀ àti ìdérí ìkòkò fẹ́ ẹ. Ìyé di apá mi mú, ó fà mí wá síbi orí rẹ̀.

"Pè é."

Mo wo Ìyá Ìjọ.

"Má wo ẹnikẹ́ni. Ìwọ ló mọ̀ pé òun yóò dá lóhùn. Pè é."

Mo pè é. Kò dáhùn. Mo tún un pè. Ó ní hùn. Ìyé ní kò tó. Mo pè é títí ohùn mi fi ha, títí orúkọ náà fi dà bí ọ̀rọ̀ tí kò ní ìtumọ̀ kankan mọ́, tí ìtumọ̀ rẹ̀ sì tún padà wá bá a. Mo ń sunkún, mo sì ń pè é. Mo ṣèlérí oríṣiríṣi fún Ọlọ́run láàárín ìpè kan sí èkejì, mo ṣèlérí pé n ó máa ru omi láti odò títí n ó fi darúgbó. Níkẹyìn, ojú rẹ̀ yí wá, ó wá ojú mi, ó sì rí i.

"Ọmọ́wùmí, mo gbọ́," ó wí. Ó mí. "Gbogbo Okitipupa ló gbọ́."

Ìyé ló wẹ ẹsẹ̀ rẹ̀. Kò lo kẹrosíìnì. Epo pupa ló bù sọ́wọ́, ó fi pa ọ̀dà náà títí ó fi bẹ̀rẹ̀ sí í yọ́, ó fi eérú nù ún, ó tún bu epo. "Epo ló mọ èdè ọ̀dà," ó wí. "Ẹbí ni wọ́n." Mo mú igbá epo dání fún un. Mo ti kà á nínú ìwé báyìí pé òótọ́ ló sọ, pé ohun tó ti mí rí, tó ti hù rí, tó ti jẹ oòrùn rí ni ọ̀dà, kí ilẹ̀ tó gbé e mì, kó sì tẹ̀ ẹ́ títí kò fi rántí ara rẹ̀ mọ́. Mo máa ń ronú pé bóyá ìdí nìyẹn tó fi fẹ́ kí ọkùnrin náà sùn. N kò lè kọ ìyẹn sínú ìwé ìdánwò.

Bàbá mi fẹ́ kí a fi páànù bo kànga náà kí a sì dúró de àwọn ènìyàn ìjọba tó máa wá wò ó. Ìyé jẹ́ kó sọ tán. "Àwọn tí mo bá nílé yìí nígbà tí mo jẹ́ ìyàwó, àwọn náà ń dúró dè wọ́n," ó wí. "Mo sin gbogbo wọn. Ẹ bá mi dí i." Wọ́n dí i, dúdú ló kọ́kọ́ wọlé, lẹ́yìn náà funfun, lẹ́yìn náà amọ̀, lẹ́yìn náà pupa, bí Ikúmápàyí ṣe fi dandan lé e. Ó ní ilẹ̀ tí a bá jí lójú oorun, a gbọ́dọ̀ tún aṣọ rẹ̀ bò ó bó ṣe wà. Ọ̀dà tó kù nílẹ̀, àwọn apẹja láti etí òkun wá bù ú láti fi dí ojú ihò ọkọ̀ wọn.

Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ kan, Ikúmápàyí padà dé. Ó ní òun yóò gbẹ́ òmíràn, sápá òkè, lẹ́gbẹ̀ẹ́ igi mángòrò, níbi tó ti wù ú tẹ́lẹ̀, níbi tí òun rò pé omi wà lókè ohun dúdú náà. Mo sá pamọ́ sẹ́yìn ilé. Mo mọ̀ pé wọn yóò wá ẹlòmíràn tí yóò máa pè é, mo fẹ́ kí wọ́n wá ẹlòmíràn, ọkàn mi sì ń gbọgbẹ́ pé wọn yóò wá ẹlòmíràn. Ó wá mi rí níbẹ̀.

"Ìwọ lò ń sá fún iṣẹ́?"

"Bọ̀dá, mo fẹ́rẹ̀ẹ́ pa yín."

Ó lóṣòó bíi ti ìjọ́sí. Kò rẹ́rìn-ín lọ́tẹ̀ yìí. "Ọmọ mìíràn lè pè mí dáadáa," ó wí. "Ṣùgbọ́n kò tíì rí ohun tó wà nínú kí ènìyàn dákẹ́. Ìwọ ti rí i. Ìwọ ni mo fẹ́."

Mo lọ. Nígbà tí mo dọ̀bálẹ̀ lórí pákó, ẹnì kan jókòó sórí àpótí lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Ìyá Ìjọ ni. Mo pe orúkọ náà, ó dáhùn. Bí ọ̀sán ti pọ́n, tí ohùn mi bẹ̀rẹ̀ sí í wọ́, ó tẹ ara rẹ̀ sí iwájú, ìborùn rẹ̀ sì fẹ́rẹ̀ẹ́ já sínú ihò. "Ikúmápàyí!" ó kígbe, pẹ̀lú ohùn tó fi ń dá orin sílẹ̀ lọ́jọ́ Ìsinmi. Ohùn tó dà bí ti ìkòkò náà rẹ́rìn-ín nísàlẹ̀. "Ìyá Ìjọ, mo gbọ́, mà." Ó gbẹ́ dé omi ní ọjọ́ kẹrin. Ìyé mu ife àkọ́kọ́, ó ní ó ní iyanrìn, ó sì béèrè òmíràn. Kò tún sọ̀kalẹ̀ gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ yẹn mọ́ títí ó fi kú, ní ọjọ́ ogbó, lórí ibùsùn rẹ̀.

Mo ti kẹ́kọ̀ọ́ jáde báyìí. Wọ́n gbà mí síṣẹ́ pẹ̀lú àwọn kan tó ń gbẹ́ ihò ní agbègbè Òde-Irele láti wo ibi tí ọ̀dà wà àti bó ṣe jìn tó. Ẹ̀rọ ló ń wọlẹ̀, kì í ṣe ènìyàn. Kò sí ẹni tí a máa pè. Síbẹ̀, ní àárọ̀ tí mo fẹ́ kọ́kọ́ lọ, mo jókòó sí etí kànga wa pẹ̀lú àpò mi nílẹ̀, n kò lè dìde. Mi ò lè sọ pé ẹ̀rù kan pàtó ló bà mí. Mo ń ronú pé bóyá mo máa dákẹ́ níbi tó yẹ kí n sọ̀rọ̀, nítorí pé ẹni tó jù mí lọ ń wò mí. Fóònù mi dún. Ikúmápàyí ni, ó ti darúgbó, kò gbẹ́ kànga mọ́, àwọn ará ilé ti sọ fún un pé òní ni.

"Ọmọ́wùmí."

"Ẹ káàárọ̀, Bọ̀dá. Ṣé dáadáa lẹ jí?"

Kò dáhùn. Mo gbọ́ adìyẹ lẹ́yìn rẹ̀, mo gbọ́ èémí rẹ̀, nítorí náà mo mọ̀ pé ó wà níbẹ̀.

"Ọmọ́wùmí," ó tún wí.

Mo wo inú kànga. Omi wà nísàlẹ̀, ó dákẹ́, ojú ọ̀run kékeré kan wà nínú rẹ̀.

"Ikúmápàyí," mo wí, "mo gbọ́."

"Ó dáa," ó wí. "Máa lọ."